Wáyà

Jọ́ọ̀sì ni wọ́n bí i sí, kì í ṣe Ògbómọ̀ṣọ́.
Ògbómọ̀ṣọ́ kàn wà lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀ ni, ìlà gọ̀ǹbọ́,
àti nínú bó ṣe máa ń sọ pé "N ò gbà."
Bàbá rẹ̀ ń ta páànù lẹ́bàá Tẹ́mínọ́ọ̀sì.
Lọ́jọ́ tí Láyíwọlá gbé gìtá wọlé
baba bi í pé, "Orin wo lẹ tún ń kọ báyìí?"
"Rọ́ọ̀kì ni, Bàbá."
"Kí ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀?"
"Àpáta."
Baba nawọ́ sójú fèrèsé, sí gbogbo òkè tó yí ìlú ká:
"Èyí tó wà níta yìí ò wá tó ọ?"

Èmi ò bá a nígbà náà. Fọ́tò ni mo fi mọ̀ ọ́n:
irun bí ìtẹ́ ẹyẹ, ṣòkòtò tó fẹ̀ bí agboòrùn nísàlẹ̀,
sójà mẹ́rin ń jó níwájú rẹ̀, bọ́tìnnì wọn ṣí sílẹ̀.
Ogun ṣẹ̀ṣẹ̀ parí, kò sẹ́ni tó fẹ́ lọ sùn.
Ọyẹ́ a máa mú okùn gìtá le títí á fi já, pàì!
òun a sì fi ẹnu parí ohùn tó kù.
Ibẹ̀ ni wọ́n ti sọ ọ́ ní Wáyà.

Nígbà tó yá, àwọn onífíìmù dé láti Kánò.
Wọ́n ní irun yẹn dára fún wèrè.
Ó ṣe wèrè lẹ́ẹ̀mẹta, ó ṣe òkú lẹ́ẹ̀kan
(ó ní òkú ló le jù, eṣinṣin ò mọ̀ pé eré ni).
Lẹ́yìn náà ni wọ́n ní kó wá ṣe ara rẹ̀, onígìtá,
níwájú ilé epo kan, tí oòrùn ń wọ̀.
Ó ta á títí ẹ̀jẹ̀ fi yọ lábẹ́ èékánná.
Lálẹ́ tí wọ́n fi fíìmù náà hàn,
ọwọ́ rẹ̀ ni, ìka rẹ̀ ni,
ṣùgbọ́n dùùrù ẹlòmíràn ló ń jáde.
Wọ́n ti gé ohùn rẹ̀ dànù bí ẹni gé etí aṣọ.
Ó dìde kó tó parí. Kò bá ẹnikẹ́ni jà.
Ní ọjọ́ Ajé ó padà lọ bá wọn:
"Ẹ fi mí sídìí ohùn."

Ìdí ohùn ni èmi ti bá a. Mò ń gbé ọ̀pá máìkì,
apá mi ń gbọ̀n, òun ń pariwo:
"Àyọ̀ká! Òjìji ọ̀pá ti wọ iwájú ọba!"
Ó kọ́ mi pé èèpo ẹ̀pà ni koríko gbígbẹ,
igbá méjì lórí iyanrìn ni ẹṣin,
ìrẹsì lórí páànù bàbá rẹ̀ ni òjò.
Ìgbátí ńkọ́? Awọ màlúù tútù ni.
Etí òsì rẹ̀ ń hó gooo láti ìgbà àwọn sójà.
"Ìyẹn náà ń bá mi ṣeré," ló máa ń wí.

Tí a bá parí iṣẹ́ nílé kan, á ní kí gbogbo wa dúró,
ká gba ìdákẹ́jẹ́ ibẹ̀ sílẹ̀, ìṣẹ́jú kan péré.
Àwọn òṣèré á máa pa ẹ̀rín mọ́ ẹnu: kí là ń gbà, òfìfo?
Ó ní ìdákẹ́jẹ́ Búkúrù kì í ṣe ti Sáríà;
ti Búkúrù ní omi nísàlẹ̀,
omi inú kòtò kùsà tí wọ́n wà tán tí wọ́n fi sílẹ̀.

Nínú ọyẹ́ tó kọjá, mo gba ti yàrá rẹ̀.
Ó ń sùn lórí àga.
Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ráyè gbọ́ ọ lẹ́yìn ìsìnkú:
èémí rẹ̀, aago ara ògiri,
obìnrin kan lójú títì tó ń kígbe "Ga kòsáì!"
Tírélà kan kọjá,
gìtá tó so kọ́ lára ìṣó sì dáhùn fúnra rẹ̀,
okùn kan ṣoṣo, tí ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn.

Mo fi sábẹ́ fíìmù tó wà lọ́wọ́ mi,
níbi tí ọmọbìnrin kan ti ń dúró de ọkọ̀.
Olówó fíìmù ní òun ń gbọ́ nǹkan kan tó ń dún,
kí n yọ ọ́.
Mo ní, "N ò gbà."